Tíì Ọ̀sán Nígbà Ooru: Àgbọn Polinéṣíà àti Ata Mẹ́síkò

Ẹ po tíì gbígbóná sínú ife, ẹ fi ṣíbí ṣúgà méjì sí i, ẹ tọ́ ọ wò. Adùn rẹ̀ á hàn gbangba lẹ́nu. Ẹ wá gbé ìyókù sínú fíríìjì, kí ẹ tún tọ́ ọ wò nígbà tó bá ti tutù nini. Ṣúgà inú rẹ̀ kò dín hóró kan, síbẹ̀ adùn rẹ̀ á ti lọ sílẹ̀. Ahọ́n wa ló fà á. Inú àwọn sẹ́ẹ̀lì tí a fi ń mọ adùn ni ọ̀nà tóóró kan wà tí àwọn onímọ̀ sọ ní TRPM5, ooru ló sì ń ràn án lọ́wọ́ láti ṣí. Bí ohun tó wà lẹ́nu bá lọ́ wọ́ọ́rọ́, á ṣí dáadáa, ìròyìn adùn á dé ọpọlọ kíá. Bó bá tutù, díẹ̀ báyìí ni yóò ṣí. Ọdún 2005 ni ìwádìí tó fi èyí hàn jáde nínú ìwé ìròyìn Nature. Ìdí rèé tí ẹni tó ń po tíì tútù fi máa ń da ṣúgà lé ṣúgà, tí á sì máa rò pé òun kò tíì fi nǹkan kan sí i.

Bẹ́ẹ̀, ààlà kò jìnnà. Nínú ìlànà tí Àjọ Ìlera Àgbáyé, WHO, gbé jáde lọ́dún 2015, wọ́n ní kí ṣúgà tí a ń fi sí oúnjẹ, pẹ̀lú èyí tó wà nínú oyin àti omi èso, má kọjá ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún agbára tí ara ń rí lóòjọ́, àti pé yóò dára bí kò bá tó ìdá márùn-ún pàápàá. Fún àgbàlagbà, ìdá márùn-ún yẹn tó nǹkan bí gíráàmù 25, ìyẹn ṣíbí tíì mẹ́fà. Ìgò ẹlẹ́rìndòdò kan ṣoṣo lè tán an. Mẹ́síkò ti fojú rí ohun tí èyí ń fà: ní oṣù kìíní ọdún 2014, ìjọba ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gba owó orí péésò kan lórí lítà kọ̀ọ̀kan ohun mímu tí wọ́n fi ṣúgà sí, nítorí àtọ̀gbẹ àti ìsanrajù tó gba ilé kan. Nàìjíríà náà fi náírà mẹ́wàá lé lítà kan nínú Òfin Ìṣúná ti 2021.

Síbẹ̀, orílẹ̀-èdè Mẹ́síkò yìí kan náà, pẹ̀lú àwọn erékùṣù Polinéṣíà tó fọ́n káàkiri Òkun Pàsífíìkì, láti Hawáì dé Sàmóà, Tóńgà àti Tàhítì, ni mo mọ̀ tí wọ́n fi kíkan, ọ̀rá, òórùn dídùn àti ata ṣe ohun tí àwa ń fi ṣúgà ṣe. Bí a bá kó ọgbọ́n àwọn méjèèjì pọ̀ sórí tábìlì kan, tíì ọ̀sán ìgbà ooru á dùn dé góńgó, ṣúgà á sì jókòó sí ẹ̀yìn. Àṣà tíì ọ̀sán fúnra rẹ̀, ọ̀dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì ló ti wá; Anna, ìyàwó Duke ti Bedford, ni wọ́n sábà máa ń sọ pé ó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1840, nítorí ebi tó máa ń pa á kí oúnjẹ alẹ́ tó dé. Tíì, ìpápánu oníyọ̀, ìpápánu aládùn: ètò yẹn kò ní yí padà. Ohun tó wà nínú àwo la ó pààrọ̀.

Fànílà ni kí a kọ́kọ́ mú, torí pé òun ló so ilẹ̀ méjèèjì pọ̀ jù lọ. Igi tó ń fà ni, irú òdòdó tí à ń pè ní orchid, igbó Mẹ́síkò àti Amẹ́ríkà Àárín sì ni ilé rẹ̀. Àwọn ará Totonac, ní agbègbè Papantla ní ìpínlẹ̀ Veracruz, ti ń lò ó kí òyìnbó tó débẹ̀. Nígbà tí àwọn òyìnbó gbé e lọ gbìn sí àwọn ilẹ̀ olóoru míì, ó hù, ó yọ òdòdó, ṣùgbọ́n kò so. Àwọn oyin igbó tó ń gbé àtíkè òdòdó rẹ̀ kiri nílé kò bá a rìnrìn àjò. Ọdún 1841 ni ọmọdékùnrin kan tó jẹ́ ẹrú ní erékùṣù Réunion nínú Òkun Íńdíà, Edmond Albius, ọmọ ọdún 12, rí ọ̀nà àbáyọ. Inú òdòdó náà ni awọ fẹ́lẹ́ kan wà tó dínà láàárín ẹ̀yà akọ àti ẹ̀yà abo. Albius fi igi tẹ́ẹ́rẹ́ gbé awọ náà sókè, ó fi àtàǹpàkò tẹ akọ mọ́ abo, ó parí. Ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ ni. Títí dòní, bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn ní gbogbo oko fànílà ayé, òdòdó kọ̀ọ̀kan ní àárọ̀ ọjọ́ kan ṣoṣo tó fi ń ṣí. Albius gba òmìnira lọ́dún 1848 nígbà tí Faransé fòpin sí oko ẹrú. Tálákà ló kú, ní 1880. Ó dùn mí pé a ń jẹ fànílà káàkiri, tí ọ̀pọ̀ wa kò gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí.

Ní ọdún 1848 yẹn kan náà ni ọ̀gágun ojú omi ará Faransé kan, Hamelin, gbé fànílà dé Tàhítì. Èyí tó wà níbẹ̀ lónìí ní òórùn tirẹ̀, ó ń ta sánsán bí òdòdó, kò sì le tó ti Mẹ́síkò. Nígbà tí àwọn onímọ̀ yẹ ìran rẹ̀ wò lọ́dún 2008, wọ́n rí i pé àdàlù irú fànílà méjì ni, inú igbó Amẹ́ríkà Àárín sì ni òbí méjèèjì ti wá. Nítorí náà, bí ẹ bá rí i tí wọ́n fi fànílà Tàhítì sí ṣokoléètì Mẹ́síkò, ẹbí ló pàdé ẹbí.

Iṣẹ́ tí fànílà ń ṣe fún wa ni pé ó ń mú kí ohun tí kò dùn púpọ̀ dà bíi pé ó dùn. Ahọ́n kò rí adùn kankan nínú rẹ̀, imú ló ń gbọ́ ọ. Ṣùgbọ́n láti kékeré ni òórùn yìí ti ń bá kéèkì àti áísìkiriìmù wọlé sí wa lẹ́nu, ọpọlọ sì ti so wọ́n pọ̀. Ẹ la èèpo fànílà kan sí méjì, ẹ fi ẹ̀yìn ọ̀bẹ ha hóró dúdú wínníwínní inú rẹ̀, ẹ kó hóró àti èèpo sínú wàrà àgbọn tó ń lọ́ wọ́ọ́rọ́ lórí iná kékeré fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ọ̀rá àgbọn á fa òórùn náà mọ́ra, á sì dì í mú títí yóò fi tutù.

Ó ku tíì. Tíì gbígbóná tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé sínú yìnyín máa ń dàrú, á ní ìkúùkù, nítorí pé kaféènì àti àwọn èròjà amúnikorò inú ewé rẹ̀ máa ń di mọ́ra wọn bó bá tutù lójijì. Ẹ fi omi tútù rẹ ẹ́ ni. Gíráàmù mẹ́wàá tíì aláwọ̀ ewé, irú èyí tí àwọn ará Ṣáínà àti Japan ń mu, nínú lítà kan omi tí ẹ ti sè tẹ́lẹ̀ tó sì ti tutù, nínú fíríìjì, láti alẹ́ di àárọ̀. Omi tútù kì í fa ìkorò àti kaféènì jáde tó omi gbígbóná, nítorí náà tíì náà á mọ́ kedere, kò sì ní pè yín níjà fún ṣúgà. Àwọn kan máa ń gbé ìgò tíì síta kí oòrùn fi rẹ ẹ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má dán an wò. Omi tí oòrùn mú lọ́ wọ́ọ́rọ́, tí kò gbóná tó láti pa kòkòrò àìfojúrí, ibi ìgbádùn wọn ni.

Ohun mímu kejì ni àwọn ará Mẹ́síkò ń pè ní agua de jamaica, ẹni tó bá sì tọ́ ọ wò láàárín wa á mọ̀ ọ́n lójú ẹsẹ̀: ìṣápá pupa ni, zobo tí à ń mu nílé ìnáwó. Ilẹ̀ Áfíríkà ni ìṣápá ti wá. Àsìkò òwò ẹrú ló sọdá Òkun Àtìláńtíìkì. Kò sí ọjà ńlá kan ní Ìlú Mẹ́síkò tí ẹ ò ti ní rí i lónìí nínú ìgò gíga, ó ń pọ́n yòò. Ẹ fọ gíráàmù 20 ìṣápá gbígbẹ, ẹ fi sínú lítà omi kan tó ń hó pẹ̀lú igi sínámọ̀n kan, ẹ pa iná, ẹ bò ó fún ogún ìṣẹ́jú, kí ẹ sẹ́ ẹ. Bí ẹ bá pò ó mọ́ tíì tútù náà ní ìdajì-ìdajì, àwọ̀ rẹ̀ á mọ́lẹ̀ bíi ti òkúta iyùn, kíkan rẹ̀ á sì ta ahọ́n jí. Ṣíbí tíì oyin méjì péré sínú lítà kan ni mo rò pé ó tó o.

Ìṣápá ní iṣẹ́ tó ń ṣe lára pẹ̀lú. Ní Yunifásítì Tufts ní Amẹ́ríkà, Diane McKay àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ fún àgbàlagbà 65 tí ẹ̀jẹ̀ wọn ti ń ru díẹ̀ ní ohun mímu: àwọn kan ń mu ife ìṣápá mẹ́ta lóòjọ́, àwọn tó kù ń mu ohun tó jọ ọ́ tí kì í ṣe òun. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́fà, òǹkà òkè nínú ẹ̀jẹ̀ ríru àwọn tó mu ìṣápá ti fi nǹkan bí 7 lọ sílẹ̀, ti àwọn yòókù fi nǹkan bí 1. Ọdún 2010 ni èsì náà jáde. Ìwádìí náà kò tóbi, ìyẹn kò sì sọ ìṣápá di oògùn tí ẹ ó torí ẹ̀ pa ti dókítà tì. Ẹni tó ń lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru, kó sọ fún dókítà kó tó máa mu ún lójoojúmọ́, nítorí pé méjèèjì lè jọ fa ẹ̀jẹ̀ wálẹ̀ ju bó ti yẹ lọ. Aboyún náà, kó bèèrè kó tó mu ún.

Ibi tí ọ̀pọ̀ ti máa ń ṣìnà ni kí wọ́n da wàrà àgbọn sínú ìṣápá. Lójú ẹ̀ báyìí ló máa já, tí á di ègé funfun tó léfòó lórí omi pupa. Purotéènì inú wàrà náà ló ń dì mọ́ra wọn nítorí kíkan ìṣápá. Kò ní ṣe yín ní nǹkan bí ẹ bá mu ún, ṣùgbọ́n kò dára lójú. Bí ẹ bá ń fẹ́ àgbọn nínú ife yẹn, omi àgbọn ni kí ẹ lò, torí pé purotéènì àti ọ̀rá inú rẹ̀ kò tó nǹkan. Àgbọn pàápàá ti rin ọ̀nà tirẹ̀ dé Mẹ́síkò: ọkọ̀ àwọn ará Sípéènì ló gbé e dé etíkun ìwọ̀-oòrùn ibẹ̀ ní nǹkan bí 450 ọdún sẹ́yìn, àwọn ará Filipínì tó bá ọkọ̀ náà wá sì kọ́ àwọn ará Colima bí wọ́n ṣe ń dá ẹmu lára rẹ̀. Wọ́n ṣì ń tà á ní ìgboro Colima dòní, wọ́n ń pè é ní tuba, ẹ̀pà ni wọ́n ń bù lé e lórí.

Wàrà àgbọn wa, inú haupia ló ń lọ. Ìpápánu àwọn ará Hawáì ni, funfun báláú, tí wọ́n ń gé sí igun mẹ́rin mẹ́rin. Bí ògì ṣe ń di ẹ̀kọ ni haupia ṣe ń dì. Láyé àtijọ́, iṣu kékeré kan tí wọ́n ń pè ní pia ni wọ́n ń fa ìyẹ̀fun rẹ̀ lò. Lónìí, ìyẹ̀fun funfun inú àgbàdo ló gba ipò rẹ̀, àgbàdo sì rèé, àfonífojì odò Balsas ní Mẹ́síkò ni àwọn àgbẹ̀ ti kọ́kọ́ sọ koríko ìgbẹ́ di í ní nǹkan bí 9,000 ọdún sẹ́yìn. Haupia tí gbogbo Hawáì ń jẹ báyìí ti da ilẹ̀ méjèèjì pọ̀ kí a tó dá sí i.

Ẹ fi 150 mílílítà omi tútù po gíráàmù 45 ìyẹ̀fun náà kó má ní kókó. Ẹ fi gíráàmù 30 ṣúgà àti iyọ̀ tíntín sí 400 mílílítà wàrà àgbọn tí ẹ ti fi fànílà sí, ẹ gbé e kaná, ẹ da àpòpọ̀ ìyẹ̀fun sí i, kí ẹ sì máa rò ó láìdúró. Ní nǹkan bí 65 sí 70 dígíríì ni hóró ìyẹ̀fun á bẹ̀rẹ̀ sí í mu omi, tí yóò wú, ẹ ó sì mọ̀ ọ́n lára ṣíbí, torí pé ọwọ́ yín á wúwo lójijì. Ẹ má gbé e sọ̀ níbẹ̀. Ẹ jẹ́ kó hó díẹ̀, kí ẹ máa rò ó fún ìṣẹ́jú méjì sí i, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ìyẹ̀fun tútù á máa rùn nínú rẹ̀. Ẹ dà á sínú àwo pẹlẹbẹ, ẹ gbé e sínú fíríìjì di ọjọ́ kejì. Bí ẹ bá gé e sí mẹ́rìndínlógún, ṣúgà inú ègé kọ̀ọ̀kan kò ju gíráàmù méjì lọ.

Ọ̀pẹ̀ òyìnbó lè jókòó lórí haupia yìí láìṣe é ní nǹkan, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ dé inú ohun tí ẹ fi gẹ́látìnì dì. Èròjà kan wà nínú ọ̀pẹ̀ òyìnbó tútù, bromelain, tó ń gé purotéènì jẹ, purotéènì sì ni gẹ́látìnì: omi lẹ ó bá nínú àwo. Ti inú agolo kò lè ṣe bẹ́ẹ̀, nítorí pé iná ti pa bromelain rẹ̀. Haupia kò ní wàhálà yìí, ìyẹ̀fun ló dì í mú.

Ọ̀nà tí mo fẹ́ràn jù láti fi ọ̀pẹ̀ òyìnbó síwájú àlejò ni ti àwọn olùtà èso ojú pópó Mẹ́síkò. Ẹ gé e gbọọrọ-gbọọrọ, ẹ fún ọsàn wẹ́wẹ́ lé e, ẹ wọ́n iyọ̀ àti ata gbígbẹ tí ẹ lọ̀ kúnná sí i. Iyọ̀ ń bo ìkorò mọ́lẹ̀, adùn èso á wá yọ. Ata ní tirẹ̀ kò ní nǹkan ṣe pẹ̀lú adùn ahọ́n rárá. Ìmọ̀lára ìrora àti ooru ló ń rú sókè. David Julius àti àwọn alábàáṣiṣẹ́ rẹ̀ ní Kalifọ́níà ló rí i lọ́dún 1997 pé èròjà ata, capsaicin, ń ṣí ẹnu ọ̀nà kan lára iṣan ìmọ̀lára, TRPV1, tí ooru tó bá ti tó nǹkan bí 43 dígíríì náà máa ń ṣí. Lójú ọpọlọ, iná ti ràn lẹ́nu nìyẹn, kí ara tètè làágùn. Ó wà lára iṣẹ́ tó mú Julius gba ẹ̀bùn Nobel lọ́dún 2021. Bí afẹ́fẹ́ bá ń fẹ́ tí òógùn sì ń gbẹ, ara á tutù; bí afẹ́fẹ́ bá dúró tó kún fún ọ̀rinrin, òógùn lásán lẹ ó máa nù.

Ẹni tí ata bá ta, kó má mu omi. Capsaicin kì í yòrò nínú omi, ọ̀rá ló ń gbà á kúrò lára ahọ́n. Ègé haupia kan lẹ́yìn ọ̀pẹ̀ òyìnbó aláta á pa á, ìdí tí mo fi gbà pé kí àwo méjèèjì sún mọ́ra nìyẹn.

Ìpápánu oníyọ̀ ló gba ìṣọ́ra jù. Àwọn ará Tàhítì ní i'a ota, ẹja tútù tí wọ́n fi omi ọsàn wẹ́wẹ́ àti wàrà àgbọn pò. Àwọn ará Mẹ́síkò ní ceviche, ẹja àti ọsàn wẹ́wẹ́ pẹ̀lú ata, tòmáàtì àti àlùbọ́sà. Ó rọrùn láti pa wọ́n pọ̀, ó sì dùn. Kíkan ọsàn náà máa ń yí purotéènì ẹja padà, á funfun, á le, ojú á sì máa sọ pé ó ti jinná. Kò jinná. Ọsàn wẹ́wẹ́ kò pa aràn Anisakis tó máa ń wà nínú ẹja òkun, kò sì ṣeé gbọ́kàn lé fún pípa àwọn kòkòrò àìfojúrí. Ìlànà FDA, àjọ tó ń bójú tó oúnjẹ àti oògùn ní Amẹ́ríkà, ni pé ẹja tí a ó jẹ ní tútù gbọ́dọ̀ ti dì ní ogún dígíríì sísàlẹ̀ òdo fún ọjọ́ méje kí aràn tó kú, fíríìsà ilé ẹlòmíì kò sì tutù tó bẹ́ẹ̀. Ìmọ̀ràn mi kò lọ́jú pọ̀: ẹ bọ edé tàbí ẹja funfun fún ìṣẹ́jú díẹ̀ títí yóò fi jinná dé inú, ẹ jẹ́ kó tutù, kí ẹ wá fi ọsàn wẹ́wẹ́, wàrà àgbọn, ata tútù àti àlùbọ́sà pò ó. Kíkan, ọ̀rá àti ata á pé sínú rẹ̀, àìsàn kò ní bá a wọlé.

Ẹ bù ú sórí tòtílà àgbàdo kéékèèké tí ẹ ti yan kó gbẹ. Omi òkúta ẹfun sísun ni àwọn ará Mẹ́síkò ti ń fi se àgbàdo tòtílà láti ìgbà pípẹ́. Òun ló ń tú fítámì niacin sílẹ̀ kí ara lè rí i lò. Àwọn ilẹ̀ tó gba àgbàdo lọ́wọ́ wọn tí wọn kò gba ọgbọ́n yìí, tí àwọn tálákà ibẹ̀ kò sì rí nǹkan míì jẹ, ni àrùn pellagra bá jà.

Kava, ohun mímu gbòǹgbò tí wọ́n ń mu níbi ayẹyẹ ní Sàmóà àti Tóńgà, kò ní àyè lórí tábìlì yìí. Ó ní ọ̀wọ̀ tirẹ̀ nílé, ṣùgbọ́n ó ń múni sùn, kò bá ọtí àti ọ̀pọ̀ oògùn rẹ́, wọ́n sì ti rí àwọn tí ẹ̀dọ̀ wọn bàjẹ́ lẹ́yìn tí wọ́n lo oògùn tí wọ́n fi í ṣe.

Fún àwọn ọmọdé, 'otai, ohun mímu èso ti Tóńgà, ló dára jù, kò sì ní kaféènì. Ẹ rin bàrà olómi tó pọ́n dáadáa, ẹ po omi tútù àti wàrà àgbọn díẹ̀ mọ́ ọn, ẹ rin àgbọn tútù lé e lórí. Láyé àtijọ́, èso vi tó jẹ́ ìbátan ìyeyè wa ni wọ́n ń lò, nítorí náà ẹni tó bá rí ìyeyè tó pọ́n lè fi gbìyànjú. Bàrà náà ti dùn tó, kò gba ṣúgà.

Ẹni tí ẹ̀jẹ̀ kò tó lára rẹ̀, kó jẹun tán ná, kó sì jẹ́ kí wákàtí kan kọjá kó tó mu tíì, nítorí pé èròjà amúnikorò inú ewé náà máa ń di irin inú ẹ̀wà àti ẹ̀fọ́ mú, kì í jẹ́ kí ara rí i gbà. Ní ti aago, ẹja àti haupia kò gbọdọ̀ lo ju wákàtí méjì lọ ní ìta, bí ooru bá sì ti kọjá 32 dígíríì, wákàtí kan péré. Ẹ̀yin tí ẹ wà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kò ní pe èyí ní ọ̀rọ̀ ilẹ̀ olóoru nìkan mọ́: ní ọjọ́ 19 oṣù keje ọdún 2022, ooru dé 40.3 dígíríì ní Coningsby. Ẹ gbé àwo ẹja lé yìnyín, ẹ má gbé gbogbo rẹ̀ jáde lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ jẹ́ kí ìyókù wà nínú fíríìjì títí àwo àkọ́kọ́ yóò fi tán. Ọ̀pẹ̀ òyìnbó ni kí ẹ gé kẹ́yìn, nígbà tí àlejò bá ti jókòó, torí pé iyọ̀ máa ń fa omi rẹ̀ jáde, ata á sì ti ṣàn lọ sí ìsàlẹ̀ àwo bó bá pẹ́.